Ìbẹ̀wò sí Oko Oyin: Ẹni Tí Ó Sun Oyin àti Ẹni Tí Ó Sìn Ín

Kò sí ìlú kan ní ilẹ̀ Yorùbá tí a kò ti mọ adùn oyin. A fi ń súre fún ọmọ tuntun, a fi ń po egbòogi, a sì ń gbé e síwájú àlejò pàtàkì. Ṣùgbọ́n bí a bá bi àwọn tí ń rà á ní ọjà léèrè bí a ti ṣe rí i, èyí tí ó pọ̀ jù nínú wọn yóò wí pé ọdẹ kan ni ó rí i nínú ihò igi, tí ó ti iná bọ̀ ọ́ ní òru, tí ó sì kó afárá wá sí ilé. Òtítọ́ ni pé bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ nínú àwọn baba ṣe ń rí oyin, wọ́n sì pa á lówe pé ẹni tí yóò jẹ oyin inú àpáta kì í wo ẹnu àáké. Ṣùgbọ́n ọ̀nà mìíràn wà, èyí tí àáké kò ní iṣẹ́ kankan nínú rẹ̀, tí a kò sì gbọdọ̀ jẹ́ kí ọwọ́ iná dé ibẹ̀. Ẹni tí ó bá lọ sí oko oyin fún ọjọ́ kan péré yóò fi ojú ara rẹ̀ rí i.

OHUN TÍ INÁ Ń JẸ RUN

Bí a bá dáná sun agbo oyin kan, kì í ṣe kòkòrò tí ń tani nìkan ni ó kú. Ayaba wọn kú. Ẹyin àti ìdin tí ì bá di oyin lọ́la jóná. Afárá tí wọ́n fi ọ̀pọ̀ ọjọ́ mọ bàjẹ́. Oyin tí a rí kó níbẹ̀ ń rùn èéfín, eérú wà nínú rẹ̀, omi ara ìdin sì ti dà pọ̀ mọ́ ọn, nítorí náà kì í pẹ́ kí ó tó kan. Nígbà mìíràn iná náà a bọ́ sínú koríko gbígbẹ, a sì jó oko aládùúgbò àti igi eléso rẹ̀. Ẹni tí ó ṣe bẹ́ẹ̀ jẹ oyin lẹ́ẹ̀kan. Nígbà tí ọdún bá yípo, ihò igi náà ṣófo. Ó dà bí ẹni tí ó gé ọ̀pẹ lulẹ̀ nítorí ìdì ẹyìn kan ṣoṣo.

BÍ ÀLEJÒ TI Í MÚRA

Àlejò tí ó bá lọ sí oko oyin ní agbègbè Ògbómọ̀ṣọ́, níbi tí igi kaṣú àti máńgòrò pọ̀ sí, kò gbọdọ̀ retí láti rí ilé oyin lẹ́bàá ìloro. Ẹ̀yìn oko ni a ń gbé e sí, jìnnà sí ilé, sí ọ̀nà àti sí ibi tí a ń so ẹran mọ́lẹ̀. Lábẹ́ òjìji igi, níbi tí omi kò jìnnà. Oyin ilẹ̀ Áfíríkà kì í fẹ́ ìyọlẹ́nu. Bí a bá bí i nínú, tí ewúrẹ́ kan sì wà ní ìsokùn nítòsí, ó lè ta á títí yóò fi kú.

Kí àlejò tó dé ibẹ̀, àgbẹ̀ yóò kọ́kọ́ wò ó láti òkè délẹ̀. Aṣọ funfun ni ó yẹ kí ó wọ̀, nítorí àwọ̀ dúdú ń mú àwọn oyin bínú. Kí ó má ṣe fi òróró olóòórùn pa ara. Kí ó má sì ṣe jẹ ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ kí ó tó wá. Ọ̀rọ̀ ìkẹyìn yìí a máa ya ọ̀pọ̀ ènìyàn lẹ́nu, ṣùgbọ́n ó ní ìdí. Bí oyin kan bá ta ènìyàn, ó ń tú òórùn kan jáde láti fi pe àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ sí ogun, òórùn náà sì jọ ti ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí ó pọ́n.

Lẹ́yìn èyí ni a óò fún un ní fìlà tí àwọ̀n bò mọ́ ojú, ìbọ̀wọ́ tí ó nípọn, àti bàtà gígùn tí a fi ẹsẹ̀ ṣòkòtò sínú rẹ̀. Ìrọ̀lẹ́, nígbà tí oòrùn ti rọ̀, ni àgbẹ̀ tí ó gbọ́n ń ṣí ilé oyin. Ní ọwọ́ rẹ̀ ni agolo èéfín wà, tí ó ní ẹwìrì kékeré lẹ́yìn bí ti alágbẹ̀dẹ. Háhá àgbàdo tàbí koríko gbígbẹ ni ó ń jó lọ́ra nínú rẹ̀. Kò gbọdọ̀ fi epo kẹrosíìnì tàbí rọ́bà sí i, nítorí oyin yóò gbà òórùn wọn. Èéfín ni a fẹ́, a kò fẹ́ ọwọ́ iná. Bí èéfín bá kan àwọn oyin, wọ́n a sáré mu oyin sí ikùn bí ẹni tí ń múra àtisá, a sì mú kí ìbínú wọn rọlẹ̀. A sì tún bo òórùn tí wọ́n fi ń pe ara wọn sí ogun mọ́lẹ̀. Pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ ni ejò fi ń gun àgbọn. Bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ ni a ti ń ṣí ilé oyin.

INÚ ILÉ OYIN

Àpótí pákó ni ilé náà, ó gùn tó bí mítà kan, ìsàlẹ̀ rẹ̀ sì há ju òkè rẹ̀ lọ. Ní òkè rẹ̀, a to àwọn igi pẹlẹbẹ sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn bí igi àjà. Ìbú igi kọ̀ọ̀kan jẹ́ mílímítà 32, nítorí pé bí oyin ilẹ̀ Áfíríkà ti ń fi àyè sí àárín afárá kan àti èkejì nìyẹn. Lábẹ́ igi kọ̀ọ̀kan ni àwọn oyin ń mọ afárá kan rọ̀ sí. Nítorí náà àgbẹ̀ lè gbé ọ̀kan sókè, kí ó yẹ̀ ẹ́ wò, kí ó sì dá a padà, láìba èkejì jẹ́. Irú àpótí yìí ni a ń fi orúkọ ilẹ̀ Kẹ́ńyà pè, nítorí ibẹ̀ ni ó ti gbilẹ̀ ní àwọn ọdún 1970. Káfíńtà abúlé lè kàn án láìní wàhálà.

Irú kejì ni àpótí onígun mẹ́rin tí ó ní férémù nínú. Ojíṣẹ́ Ọlọ́run kan ní Amẹ́ríkà, L. L. Langstroth, ni ó ṣe é. Ní ọdún 1851, ní ìlú Philadelphia, ó ṣàkíyèsí pé bí àlàfo tí a fi sí àárín férémù àti ògiri àpótí kò bá tó ìbú ìka kan, tí kò sì há jù, àwọn oyin kì í fi ìda dí i, wọn kì í sì í fi oje igi lẹ̀ ẹ́ pọ̀. Wọ́n a fi í sílẹ̀ bí ọ̀nà ẹsẹ̀ wọn. Láti orí àkíyèsí kékeré yìí ni ènìyàn ti lè máa kó oyin láìwó ilé àwọn tí ó ṣe é.

Ìlú tí ó ní ètò ni inú àpótí náà. Ayaba kan ṣoṣo ni ó wà níbẹ̀. Nígbà tí òdòdó bá pọ̀, ó lè yé ju ẹyin 1,000 lọ ní ọjọ́ kan. Àwọn òṣìṣẹ́, tí í ṣe abo gbogbo wọn, pọ̀ tó ẹgbẹẹgbẹ̀rún lọ́nà mẹ́wàá àti jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àwọn akọ kò pọ̀. Wọn kò ní oró, wọn kì í sì í lọ sí oko. Iṣẹ́ tiwọn ni láti bá ayaba tuntun gùn. Ọjọ́ 16 ni ayaba fi ń dàgbà láti inú ẹyin, òṣìṣẹ́ tó nǹkan bí ọjọ́ 21, akọ sì tó 24. Ohun ìyanu ni pé ẹyin kan náà ni ó ń di ayaba, òun náà ni ó ń di òṣìṣẹ́. Oúnjẹ tí a fi tọ́ ọ ni ó ya wọ́n sọ́tọ̀.

Kò sí ọ̀lẹ láàrin àwọn òṣìṣẹ́. Èyí tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde ń gbá ilé. Bí ó bá dàgbà díẹ̀, a bọ́ àwọn ọmọ. Lẹ́yìn náà a mọ afárá, a sì ṣọ́ ẹnu ọ̀nà. Ìgbẹ̀yìn ayé rẹ̀ ni ó ń jáde lọ sí oko. Nígbà tí iṣẹ́ bá pọ̀, nǹkan bí ọ̀sẹ̀ mẹ́fà ni gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀. Bí ó bá rí ibi tí òdòdó gbé pọ̀, yóò padà wá sí ilé, yóò sì jó lórí afárá nínú òkùnkùn; ijó náà ni ó fi ń júwe fún àwọn ìyókù apá ibi tí wọn yóò kọ orí sí, àti bí ó ti jìnnà tó. Karl von Frisch, ọmọ ilẹ̀ Austria, ni ó túmọ̀ ijó yìí, a sì fún un ní ẹ̀bùn Nobel pẹ̀lú àwọn méjì mìíràn ní ọdún 1973.

BÍ OMI ÒDÒDÓ TI Ń DI OYIN

Ohun tí òṣìṣẹ́ ń fà nínú òdòdó kì í ṣe oyin. Omi tí ó ní ṣúgà díẹ̀ ni. Bí ó bá dé ilé, yóò pọ̀ ọ́ fún òmíràn láti ẹnu dé ẹnu, wọn yóò sì tò ó sínú ihò afárá. Nígbà náà ni wọn yóò máa fi ìyẹ́ fẹ́ ẹ tọ̀sán tòru, títí omi inú rẹ̀ yóò fi dín sí ìdá kan nínú márùn-ún tàbí kí ó kéré jù bẹ́ẹ̀ lọ. Bí ó bá ti gbẹ tó, wọn yóò fi ìda funfun dé e lórí bí ìgbà tí a fi ọmọrí dé ìkòkò. Òṣìṣẹ́ bí méjìlá ni yóò fi gbogbo ọjọ́ ayé wọn ṣe iṣẹ́ yìí kí oyin tó kún ṣíbí tíì kan.

KÍKÓ AFÁRÁ

Láti inú ìmọ̀ yìí ni òfin ìkórè ti wá. Afárá tí wọ́n ti fi ìda dé ni a ń gé. Èyí tí ó ṣì ṣí sílẹ̀ kò tíì pọ́n. Bí a bá kó o, yóò ru, yóò sì kan nínú ìgò. Afárá tí ọmọ wà nínú rẹ̀, tí ó máa ń wà níhà ẹnu ọ̀nà, a kì í fọwọ́ kàn án. A kì í sì í kó gbogbo oyin tán: a ń fi díẹ̀ sílẹ̀ fún àwọn tí ó ni ín, kí ebi má ṣe lé wọn lọ nígbà òjò. Àgbẹ̀ tí ó bá wọ̀rà yóò jí ní ọjọ́ kan, yóò sì bá àpótí tí ó ṣófo. Ní orí igi tí ó gé afárá kúrò, kí ó fi ìbú ìka kan sílẹ̀. Láti ibẹ̀ ni wọn yóò tún mọ òmíràn.

Inú ike mímọ́ tí ó ní ìdérí ni a ń kó afárá sí. Ní ilé, a ó fọ́ ọ, a ó fi aṣọ funfun sẹ́ ẹ, a ó jẹ́ kí ó silẹ̀ fún ọjọ́ méjì, a ó sì dà á sínú ìgò tí ó gbẹ. A kì í gbé oyin ka iná. Ìda tí ó kù, a ń fi omi gbígbóná yọ́ ọ. A fi í ń ṣe àbẹ́là, àwọn aláwọ ń lò ó sí okùn ìránṣọ wọn, àwọn tí ń rọ idẹ sì ń fi í mọ àwòrán kí wọ́n tó da idẹ sí ipò rẹ̀.

ÌTỌ́WÒ

Nígbà náà ni a óò gé afárá díẹ̀ sínú àwo fún àlejò. Adùn rẹ̀ yàtọ̀ sí ti ìgò ọjà: ó mọ́, òórùn òdòdó ṣì wà lára rẹ̀, èéfín kò sì sí nínú rẹ̀. Ẹni tí ó bá ka Bíbélì yóò rántí Jónátánì ọmọ Sọ́ọ̀lù, tí ó ti orí ọ̀pá rẹ̀ bọ inú afárá nígbà tí àárẹ̀ ogun mú un, tí ojú rẹ̀ sì là. Bí a bá mú oyin ìgbà méjì wá, àlejò yóò tún rí i pé ọ̀kan pọ́n bí omi tíì, èkejì sì ṣú bí epo. Kì í ṣe ayédèrú. Òdòdó tí wọ́n jẹ ni ó yàtọ̀. Oyin tí ó dì bí ṣúgà nínú ìgò kò bàjẹ́ bẹ́ẹ̀ ni kò lábùlà. Kí a gbé ìgò rẹ̀ sínú omi tí ó lọ́ wọ́ọ́rọ́, yóò yọ́.

Ní ti àwọn tí ń fi ìṣáná, bébà tàbí omi dán oyin wò, kí wọ́n mọ̀ pé kò sí ọ̀kan nínú wọn tí ó dájú. Ẹni tí ó bù omi ṣúgà mọ́ oyin mọ àwọn ìdánwò wọ̀nyí pẹ̀lú. Ẹ̀rí tí ó dára jù ni kí olùrà mọ ẹni tí ó tà á fún un, kí ó sì mọ ibi tí àpótí rẹ̀ gbé wà.

OYIN ÀTI OKO ÀGBẸ̀

Èrè oyin kò pin sí inú ìgò. Akọ òdòdó àti abo òdòdó ni ẹ̀gúsí àti elégédé ń tan lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Bí kòkòrò kò bá gbé ìyẹ̀fun akọ lọ bá abo, abo a rẹ̀ dànù láìso. Oyin wà lára àwọn tí ń ṣe iṣẹ́ yìí dáradára, a sì ń rí i lórí òdòdó kaṣú, òroǹbó àti emi. Kòkó ni kò ṣe iṣẹ́ fún: kantíkantí kékeré tí ń gbé inú ewé jíjẹrà ni ó ń mú kòkó so. Nítorí náà, àgbẹ̀ tí ó bá fẹ́ fín oògùn kòkòrò, kí ó má ṣe fín in ní òwúrọ̀ nígbà tí òdòdó ṣí sílẹ̀ tí oyin wà lórí rẹ̀. Kí ó dúró di ìrọ̀lẹ́, kí ó sì sọ fún aládùúgbò rẹ̀ tí ó ní àpótí.

ÌKÌLỌ̀ FÚN ÀWỌN ÌYÁ ỌMỌ

Ọmọ tí kò tíì pé ọdún kan kò gbọdọ̀ tọ́ oyin wò rárá, ìbáà ṣe èyí tí ó mọ́ jù lọ. Kóró kòkòrò àìfojúrí kan lè wà nínú oyin. Àgbàlagbà lè gbé e mì láìsí ewu, ṣùgbọ́n nínú ìfun ọmọ ọwọ́ ó lè hù, kí ó sì tú oró jáde. Láti ọdún 1976 ni àwọn oníṣègùn ti dá àìsàn yìí mọ̀ lára ọmọ ọwọ́. Bọ́túlísímù ni wọ́n ń pè é. Síse oyin lórí iná kò lè pa kóró náà. Àmì rẹ̀ ni pé ọmọ kì í lè yàgbẹ́, igbe rẹ̀ kò le mọ́, kò lè fa ọmú bí ó ti yẹ, ìpéǹpéjú rẹ̀ ń wálẹ̀, ọrùn rẹ̀ sì rọ̀. Kí a má ṣe fi agbo dán irú ọmọ bẹ́ẹ̀ wò. Ilé ìwòsàn ni kí a gbé e lọ ní wàrà.

Nítorí èyí, ní ọjọ́ ìsọmọlórúkọ, ó yẹ kí ọwọ́ àwọn àgbà yípadà díẹ̀. Kí a gbé oyin kalẹ̀, kí a gbàdúrà pé kí ayé ọmọ dùn, kí ìyá àti bàbá tọ́ ọ wò, kí gbogbo ìjókòó sì lá a. Ṣùgbọ́n kí a má ṣe kàn án mọ́ ètè ọmọ. Àdúrà kò dín kù nítorí rẹ̀. Nígbà tí ọmọ bá ti ju ọdún kan lọ, ṣíbí kékeré kan lè mú ikọ́ rẹ̀ rọlẹ̀. Kí ẹni tí ó ní àtọ̀gbẹ ṣọ́ra pẹ̀lú, nítorí ṣúgà ni oyin.

BÍ OYIN BÁ TA ÈNÌYÀN

Kí a yọ ẹ̀gún rẹ̀ ní kíákíá, ìbáà ṣe pẹ̀lú èékánná, nítorí ó ń tú oró sí ara lẹ́yìn tí oyin ti fò lọ. Bí wọ́n bá pọ̀, kí ènìyàn má ṣe dúró máa gbá wọn. Kí ó bo ojú, kí ó sáré wọ ilé, kí ó sì ti ilẹ̀kùn. Kí ó má ṣe bẹ́ sínú odò, nítorí wọn yóò dúró dè é. Ẹni tí ètè tàbí ọ̀fun rẹ̀ bá wú, tí èémí sì ń ni ín lára, kí a sáré gbé e lọ sí ilé ìwòsàn.

Ìbínú wọn kò tó ìdí láti sun wọ́n. Ní ọdún 1956, Warwick Kerr kó ayaba oyin láti Gúúsù Áfíríkà àti Tàǹsáníà lọ sí ilẹ̀ Bràsíl. Ní ọdún 1957, agbo 26 sá jáde nínú wọn, wọ́n gbilẹ̀, wọ́n sì dé Texas ní Amẹ́ríkà ní ọdún 1990. Wọ́n ta ènìyàn pa, ọ̀pọ̀ olùsìn oyin sì fi iṣẹ́ sílẹ̀. Ṣùgbọ́n àwọn tí ó kù gbé àpótí wọn jìnnà sí ilé, wọ́n wọ aṣọ tí ó nípọn, wọ́n sì lo èéfín tí ó pọ̀ sí i. Lónìí, àwọn oyin líle náà ni ó ń mú èrè wá fún Bràsíl, tí ń ta oyin fún òkè òkun.

FÚN ẸNI TÍ Ó FẸ́ BẸ̀RẸ̀

Kí ó kọ́ iṣẹ́ lọ́dọ̀ ẹni tí ó mọ̀ ọ́n. Kí ó kan àpótí méjì, kí ó fi ìda oyin pa inú wọn kí òórùn rẹ̀ lè fa agbo tí ń wá ibùgbé. Kí ó gbé wọn sí ipò nígbà tí òjò bá ń lọ, nítorí ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn ni àwọn agbo ń ṣí kiri. Kí ẹsẹ̀ àga wọn wà nínú agolo òróró tí a ti lò, kí ìjàlọ má ṣe gun òkè. Kí ó ṣán koríko yí wọn ká nítorí iná ọdún. Ní ọ̀pọ̀ ibi, láti oṣù Kejì títí dé oṣù Kẹrin ni ìkórè ńlá. Nígbà òjò, kí ó fi wọ́n sílẹ̀ pẹ̀lú oúnjẹ wọn.

Iṣẹ́ yìí kò gba ilẹ̀ púpọ̀, kò gba omi rírọ̀, kò sì dí ìkọ́lé ebè lọ́wọ́. Ohun tí ó gbà ni sùúrù, àti kí ọwọ́ mọ ìwọ̀n. Àgbẹ̀ tí ó bá fi èyí ti àwọn oyin sílẹ̀ fún wọn yóò bá wọn nílé ní ọdún tí ń bọ̀, àti ní èyí tí ó tẹ̀lé e.